Ẹni Tó Ta Báàsì Yẹn Ní Orúkọ

Lọ́jọ́ Àìkú, tí a bá ti ṣọ́ọ̀ṣì dé, tí ìyá mi ti gbé omi àmàlà kaná, bàbá mi á gbé rẹ́kọ́ọ̀dù Jim Reeves, olórin ilẹ̀ Amẹ́ríkà, sórí ẹ̀rọ. Èmi á jókòó sílẹ̀, màá fẹ̀yìn ti sípíkà onípákó ńlá tó wà ní pálọ̀. Gbogbo ilé ló ń bá Jim Reeves kọrin. Ohun tí èmi ń gbọ́ ni nǹkan kan tó rọra ń lù mí lẹ́yìn, dùm, dùm, dùm.

Mo bi bàbá mi pé ta ló ń ṣe ìyẹn. Wọ́n ní báàsì ni, ohun èlò olókùn tí ohùn rẹ̀ máa ń lọ sílẹ̀ gan-an. Mo ní ta ló ń ta báàsì ọ̀hún. Wọ́n mú páálí rẹ́kọ́ọ̀dù náà, wọ́n wo iwájú, wọ́n wo ẹ̀yìn, wọ́n ní, "Wọn ò kọ ọ́ síbí."

Ó pẹ́ gan-an kí n tó mọ̀. "He'll Have to Go," tí àwọn òbí wa ò lè gbọ́ kí wọ́n má mirí, ìlú Nashville ní Amẹ́ríkà ni wọ́n ti gbà á sílẹ̀ ní 1959. Bob Moore ló ta báàsì inú rẹ̀. Ó kú ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2021, lẹ́ni ọdún 88. Lọ́sẹ̀ yẹn, mi ò rí ẹnì kan nínú gbogbo àwa tí a jọ ń kọrin Jim Reeves tó dárúkọ rẹ̀. Ó dùn mí.

Ọmọ Nashville gan-an ni. Nígbà tó wà lọ́mọdé, ó máa ń kun bàtà fún àwọn olórin tó bá wá ṣeré ní gbọ̀ngàn Ryman. Kò tíì pé ogún ọdún tó ti ń bá àwọn ẹgbẹ́ olórin rìnrìn àjò. Nígbà tó fi máa di ìparí àwọn ọdún 1950, ó ti wà lára àwọn ìwọ̀nba tí wọ́n ń pè ní A-Team, àwọn tí sítúdíò máa ń kọ́kọ́ ránṣẹ́ sí. Wọ́n ní iye ìgbà tó wọ sítúdíò lọ ṣiṣẹ́ lé ní 17,000. Ẹ pín in sí ogójì ọdún: ó ju ẹ̀ẹ̀kan lọ lójúmọ́, láìyọ ọjọ́ ìsinmi.

Iṣẹ́ ọ̀hún kì í ṣe kékeré. Wákàtí mẹ́ta ni wọ́n ń fún wọn, wọ́n sì gbọ́dọ̀ rí orin mẹ́ta tàbí mẹ́rin gbà sílẹ̀ kí ó tó pé. Lọ́pọ̀ ìgbà, ìgbà tí wọ́n dé ibẹ̀ ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ máa gbọ́ orin náà. Nọ́ńbà tó dúró fún kọ́ọ̀dù ni wọ́n ń kọ sórí ìwé, 1, 4, 5, bí àwa náà ṣe ń fi ìka ṣàpẹẹrẹ rẹ̀ fún ara wa ní ṣọ́ọ̀ṣì. Tí olórin bá ní ohùn ga jù fún òun, wọ́n á kàn sọ ọ́ kalẹ̀. Nọ́ńbà ò ní yí padà.

Ẹ lọ gbọ́ "Crazy" tí Patsy Cline kọ ní 1961. Ẹ má gbọ́ Patsy. Báàsì méjì ló wà níbẹ̀: Bob Moore ń fi ìka ta báàsì onípákó ńlá, tó ń dún dùm bí ẹni ń fẹsẹ̀ tẹlẹ̀, Harold Bradley sì ń ta gìtá báàsì olókùn mẹ́fà pẹ̀lú rẹ̀. Wọn ò kọlu ara wọn rárá. Ẹni tó mọ dùndún á yé e. Ìyáàlù ló ń sọ̀rọ̀, òun là ń náwó fún. Ṣùgbọ́n ẹ ní kí gúdúgúdú dákẹ́ ná, kí ẹ wo ibi tí ẹlẹ́sẹ̀ ijó máa gbé ẹsẹ̀ sí.

Àwọn kan á ní, ṣebí wọ́n ti sanwó iṣẹ́ fún un. Bíríkìlà tó kọ́lé kì í bá lánlọ́ọ̀dù gba owó ilé. Mo ti gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí lọ́pọ̀ ìgbà, mi ò sì gbà á. Bíríkìlà ti kúrò níbẹ̀. Ṣùgbọ́n gbogbo ìgbà tí rẹ́kọ́ọ̀dù yẹn bá yí, Bob Moore tún ń ta báàsì ni. Ọwọ́ rẹ̀ gan-an ni wọ́n ń tà. Títí di òní ní Amẹ́ríkà, rédíò tí à ń yí nínú mọ́tò ń sanwó fún ẹni tó ni ọ̀rọ̀ àti ohùn orin, kì í san kọ́bọ̀ fún olórin, ká má tilẹ̀ sọ ti ẹni tó ta báàsì lẹ́yìn rẹ̀. Ti rédíò orí íntánẹ́ẹ̀tì sàn díẹ̀: nínú ọgọ́rùn-ún dọ́là, márùn-ún jẹ́ ti gbogbo àwọn alátìlẹ́yìn, onílù, onígìtá àti elégbè pọ̀.

Èmi náà ń ta báàsì. Mo ta á sí odindi àwo orin ìyìn kan. Nígbà tó jáde, wọ́n kọ orúkọ ẹni tó ya fọ́tò, wọ́n kọ orúkọ ẹni tó kun ojú fún olórin. Wọn ò kọ tèmi, wọn ò kọ ti onílù. A jọ sun sítúdíò lórí iṣẹ́ yẹn ni o.

Kíkọ orúkọ wa ò sì le. Nígbà tí Paul Simon, olórin Amẹ́ríkà, gbé àwo "Graceland" jáde ní 1986, Demola Adepoju wa, tó ń ta gìtá sítíìlì fún King Sunny Ade, ló ta á sí orin tó sọ àwo náà lórúkọ. Ẹ wo páálí rẹ̀, orúkọ ọmọ Yorùbá wà níbẹ̀ gbàgàdà.

Mo ti ra ìwé kan. Tí ẹ bá ní rẹ́kọ́ọ̀dù jùjú tàbí fújì nílé, tí ẹ sì mọ orúkọ ẹni tó ta báàsì tàbí tó lu omele inú rẹ̀, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀ níbí pẹ̀lú orúkọ àwo náà. Mò ń kọ wọ́n sílẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan.