"Kí ló kàn ẹ́ níbẹ̀?"

Èmi àti ọ̀rẹ́ mi kan jiyàn lórí Gani Fawehinmi, lọ́yà tó ń jà fún ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn, lọ́jọ́ kan, ọ̀rọ̀ náà kò sì tíì kúrò lọ́kàn mi. Ó ní àwọn ẹ̀bùn tí wọ́n fún Gani lókè òkun kò yé òun. "Ẹjọ́ Dele Giwa, oníròyìn tí wọ́n fi bọ́ǹbù pa, tí Gani gbé lọ sí kóòtù, ta ni wọ́n rí mú? Ta ló ṣẹ̀wọ̀n?" Kò sẹ́nì kankan. Òótọ́ tó wà níbẹ̀ nìyẹn, mi ò sì jà á níyàn. Ibi tó dúró sí wo ọ̀rọ̀ náà ni kò tẹ́ mi lọ́rùn.

Ní 1993, wọ́n fún Gani ní ẹ̀bùn Bruno Kreisky fún ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ní ilẹ̀ Ọ́sítríà. Ní 1998, International Bar Association, ẹgbẹ́ àwọn lọ́yà àgbáyé, fún un ní ẹ̀bùn Bernard Simons. Ti ẹlẹ́ẹ̀kejì yìí ló wù mí jù, nítorí àwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ kan náà ló gbé e fún un. Kì í ṣe ẹni tó borí nìkan ni lọ́yà ń wò nínú ẹjọ́. Ó tún ń wo ohun tí ẹjọ́ náà fi sílẹ̀ fún ẹni tó ń bọ̀ lẹ́yìn.

Ẹ jẹ́ ká padà sí 1981. Sẹ́nétọ̀ Abraham Adesanya pe ààrẹ lẹ́jọ́ lórí ẹni tó yàn ṣe alága FEDECO, àjọ tó ń ṣètò ìbò nígbà náà. Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ kò tilẹ̀ dé ìdí ọ̀rọ̀. Bí a bá fi èdè ilé wa sọ ọ́, ohun tí wọ́n bi í ni pé: kí ló kàn ẹ́ níbẹ̀? Sẹ́nétọ̀ o! Ẹni tó wà nínú ilé aṣòfin tí wọ́n ti jíròrò ọ̀rọ̀ náà! Wọ́n ní kò kàn án ju bó ṣe kan àwọn ọmọ Nàìjíríà yòókù lọ. Ìyẹn ni pé ohun tó bá kan gbogbo wa, kò sẹ́nì kan nínú wa tó lè torí ẹ̀ lọ sí kóòtù. Mi ò kàwé òfin o, ṣùgbọ́n èyí kò bọ́ sí i létí mi.

Ọjọ́ Àìkú ni 19 October 1986. Dele Giwa wà nílé ẹ̀ ní Ìkejà nígbà tí wọ́n gbé àpò ìwé kan wá fún un. Bọ́ǹbù ló wà nínú ẹ̀. Gani ni lọ́yà ẹ̀, ọ̀rẹ́ ẹ̀ sì ni. Ó kó ẹ̀rí tó ní jọ, ó gbé e lọ bá ọ̀gá àwọn olùpẹjọ́ ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó, ó ní: ẹ pe àwọn tí mo fura sí lẹ́jọ́, tàbí kí ẹ fọwọ́ sí i pé ẹ ò ní pè wọ́n, kí èmi fúnra mi lè pè wọ́n. Ọ̀gbẹ́ni náà kò ṣe èyí, kò ṣe tọ̀hún. Gani wọ́ ọ lọ sí kóòtù. Ilé ẹjọ́ gíga lé e. Kòtẹ́milọ́rùn lé e. Ìbéèrè àtijọ́ náà ló ń bá a kiri: ṣé ìwọ lo bí i ni? Kí ló kàn ẹ́ níbẹ̀?

Ní December 1987 ni Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ yí ohùn padà nínú ẹjọ́ tí wọ́n ń pè ní Fawehinmi v. Akilu (Akilu wà lára àwọn tí Gani fura sí): ó ní ọ̀rọ̀ náà kan Gani. Adájọ́ Obaseki sọ ọ́ síbẹ̀ pé olùṣọ́ ara wa ni gbogbo wa, pàápàá nílẹ̀ tó jẹ́ pé mọ̀lẹ́bí wa kì í mọ sórí bàbá, ìyá àti ọmọ. Ọ̀ràn tí wọ́n dá sí ẹnì kan, ó kan aládùúgbò ẹ̀. Ìgbàkigbà tí mo bá rántí ibẹ̀ ni inú mi máa ń dùn. Ohun tí ìyá àgbà kankan lè bá yín sọ lẹ́nu ọ̀nà ni, ṣùgbọ́n ó di òfin lọ́jọ́ yẹn.

Ẹjọ́ náà fúnra ẹ̀ kò débì kankan. Kóòtù kò dá ẹnikẹ́ni lẹ́bi títí dòní.

Nílé ńkọ́? Ọdún gorí ọdún, àwọn tó ń fi oyè SAN (Senior Advocate of Nigeria, oyè ńlá àwọn lọ́yà) jẹ lọ́yà fò ó dá, títí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Ifẹ̀ fi fún un ní tiwọn: Senior Advocate of the Masses. 2001 ni SAN ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, ìyẹn lẹ́yìn tí ayé ti yẹ́ ẹ sí lẹ́ẹ̀mejì. Nígbà tí ìjọba tún gbé OFR, oyè ọlá ìjọba àpapọ̀, wá ní 2008, ó ní kí wọ́n máa gbé e lọ. Ẹ má bínú, mo rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ yẹn.

Gani kú ní 5 September 2009. Ní ọjọ́ kìíní oṣù December ọdún yẹn, àwọn ìlànà tuntun tí Adájọ́ Àgbà Kutigi fọwọ́ sí lórí ẹjọ́ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ó wà nínú wọn pé kóòtù kankan kò gbọdọ̀ da irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ nù nítorí pé ọ̀rọ̀ kò kan ẹni tó pè é. Bí ọlọ́pàá bá ti ẹni tí ẹ kò mọ̀ rí mọ́lé lónìí, ẹ lè gba kóòtù lọ nítorí ẹ̀. Mo fi èyí ránṣẹ́ sí ọ̀rẹ́ mi. Kò tíì fèsì.