Fassbinder kọ́ ló sọ Brigitte Mira di òṣèré

Ẹ bá àwọn tó fẹ́ràn sinimá Jámánì sọ̀rọ̀ díẹ̀, wọn ò ní pẹ́ dárúkọ Brigitte Mira, ìtàn kan náà ni wọ́n sì máa ń sọ. Wọ́n á ní ìyá àgbà kan wà tí ẹnikẹ́ni ò mọ̀, pé Rainer Werner Fassbinder, olùdarí fíìmù ará Jámánì, ló ṣàwárí rẹ̀, tó fi ṣe Emmi nínú fíìmù Angst essen Seele auf lọ́dún 1974, ni òkìkí bá kàn. Ìtàn náà dùn-ún gbọ́. Irọ́ ló pọ̀ jù nínú ẹ̀.

Hamburg ni wọ́n bí Mira sí lọ́dún 1910. Nígbà tí wọ́n máa bí Fassbinder lọ́dún 1945, obìnrin yìí ti lé ní ọgbọ̀n ọdún, ó ti ń kọrin, ó ti ń pa èèyàn lẹ́rìn-ín nínú operetta, ìyẹn eré orí ìtàgé olórin, àti kábárẹ́ẹ̀tì, ìyẹn orin àti ẹ̀fẹ̀ nílé fàájì, tipẹ́. Ta ni ò mọ̀ ọ́n nígbà náà?

Ibi tó tiẹ̀ wù mí jù nìyí. Lásìkò ogun, ìjọba Hitler ń ṣe àwọn fíìmù kéékèèké láti fi kọ́ aráàlú ní ìwà tí wọ́n fẹ́. Obìnrin méjì ló wà níbẹ̀: Liese tó ń gbọ́ràn sí ìjọba lẹ́nu, àti Miese, olórí kunkun tó ń fetí sí rédíò àwọn ọ̀tá. Mira ló ṣe Miese. Àwọn òǹwòran bá lọ fẹ́ràn Miese ju Liese lọ, làwọn aláṣẹ bá dá eré náà dúró. Bẹ́ẹ̀, Júù ni bàbá ẹni tó ń ṣe Miese yìí, ṣe ló ń fi ìran rẹ̀ pamọ́ fún wọn. Ẹni tó lè mú kí òǹwòran gbè sẹ́yìn obìnrin tí wọ́n ní kí wọ́n kórìíra, ọgbọ́n wo ló kù tí Fassbinder fẹ́ kọ́ ọ?

Lẹ́yìn ogun, ó wà nínú fíìmù Berliner Ballade lọ́dún 1948, àwọn ipa kéékèèké mìíràn sì tẹ̀ lé e. Kódà, kí wọ́n tó ya Angst, ó ti ṣeré nínú Zärtlichkeit der Wölfe ti ọdún 1973, tí Ulli Lommel darí, tí Fassbinder náà sì wà nídìí ẹ̀.

Òótọ́ díẹ̀ wà níbẹ̀ o: Fassbinder ló fún un ní ipa ńlá nínú eré tí kì í ṣe ti ẹ̀rín. Ẹni ọdún 63 ni Mira nígbà tí wọ́n ya Angst, nǹkan bí ọ̀sẹ̀ méjì péré ni wọ́n sì fi yà á. Ẹ wo ibi tí Emmi àti Ali, ọkọ rẹ̀ ará Morocco, jókòó níta ilé oúnjẹ kan, láàárín àwọn àga òfìfo aláwọ̀ yẹ́lò. Àwọn òṣìṣẹ́ ibẹ̀ dúró lọ́ọ̀ọ́kán, wọ́n kàn ń wò wọ́n. Mira bú mọ́ wọn, ó tún bú sẹ́kún, ìkan ò jìnnà síkejì rárá. Lójú tèmi, kábárẹ́ẹ̀tì ló fi kọ́ bí wọ́n ṣe ń yí ọkàn òǹwòran padà kíá bẹ́ẹ̀. Ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ mú wá láti títì ò lè ṣe é.

Eré náà gba àmì-ẹ̀yẹ fíìmù Jámánì fún un lọ́dún 1974. Ó tún ṣe Mutter Küsters nínú fíìmù Fassbinder mìíràn lọ́dún 1975, lẹ́yìn náà ó padà sí ipa kéékèèké: onílé nínú eré tẹlifíṣọ̀n Berlin Alexanderplatz lọ́dún 1980, àtàwọn bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀. Kò sí ìtìjú ńbẹ̀, iṣẹ́ rẹ̀ nìyẹn.

Ẹ bi ará Jámánì tó ń wo tẹlifíṣọ̀n nígbà náà léèrè, ó ṣeé ṣe kó má mọ Emmi rárá. Ìyá àgbà inú Drei Damen vom Grill ló máa mọ̀, ìyẹn eré àwọn obìnrin mẹ́ta tó ń ta sọ́sééjì ní Berlin, tí wọ́n ṣe láti ọdún 1977 sí 1991. Fassbinder kú lọ́dún 1982. Mira ṣì ń ṣiṣẹ́ lọ: òun, Evelyn Künneke àti Helen Vita tún kóra jọ, àwọn arúgbó mẹ́ta, wọ́n ń kọrin lórí ìtàgé. Ọdún 2005 ló kú ní Berlin, lẹ́ni ọdún 94.