Kò sí ẹ̀rí pé Carnegie fi àṣírí ọrọ̀ kankan lé Napoleon Hill lọ́wọ́

Bí ẹ bá ń rìn kiri Abẹ́òkúta, ẹ ó rí Think and Grow Rich, ìwé tí Napoleon Hill, òǹkọ̀wé ará Amẹ́ríkà, kọ nípa bí èèyàn ṣe lè dolówó, láàárín àwọn ìwé tí wọ́n tẹ́ sẹ́bàá títì. Ọdún 1937 ló jáde, síbẹ̀ ó ń tà. Ìtàn tó bá a rìn ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé lórí, nítorí mo ti gbọ́ ọ ní ṣọ́ọ̀ṣì, mo sì ti gbọ́ ọ níbi ìpàdé àwọn oníṣòwò: pé ní 1908, Andrew Carnegie, olówó tó fi irin dọlọ́rọ̀ ní Amẹ́ríkà, ní kí Hill fi ogún ọdún wádìí àṣírí ọrọ̀ lẹ́nu àwọn olówó. Wọ́n ní àṣírí náà ni pé ohun tí èèyàn bá fọkàn rò, tó sì gbà gbọ́, á tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́.

Ẹnu Hill nìkan ni ìtàn yìí ti wá. Carnegie kú ní 1919, ẹ̀yìn ikú rẹ̀ ni Hill tó gbé e jáde, nígbà tí kò sí ẹni tó lè jiyàn. David Nasaw, tó kọ ìwé ńlá lórí ìgbésí ayé Carnegie, wá ẹ̀rí pé àwọn méjèèjì pàdé rí, kò rí ẹyọ kan. Hill fúnra rẹ̀, ọmọ tálákà tí wọ́n bí ní Virginia ní 1883, dá iṣẹ́ sílẹ̀ léraléra tí wọ́n ń dojú dé. Ní 1918, ìpínlẹ̀ Illinois tiẹ̀ kọ̀wé pé kí wọ́n mú un lórí ọ̀rọ̀ ìpín iléeṣẹ́ tó ń tà. Ìwé tó kọ nípa owó ló wá sọ ọ́ di gbajúmọ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tó ń dùn mí. Àbúrò mi obìnrin lẹ àwòrán mọ́tò mọ́ ògiri, á máa bá a sọ̀rọ̀ láràárọ̀. Oṣù mẹ́fà kọjá, ọjà ò tà. Ó jókòó sẹ́bàá ibùsùn, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, àfàìmọ̀ kó má jẹ́ ìgbàgbọ́ mi ni ò tó." Ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ ò tó nǹkan tún wá ń dá ara rẹ̀ lẹ́bi!

Ìrètí dára, àlá ojúmọmọ ló yàtọ̀ sí i. Ní 2002, Gabriele Oettingen àti Doris Mayer, àwọn onímọ̀ nípa ìrònú èèyàn, gbé ìwádìí jáde lórí àwọn tó kàwé gboyè tí wọ́n ń wáṣẹ́. Lẹ́yìn ọdún méjì, àwọn tó ti ń fi àlá iṣẹ́ aládùn tẹ́ ara wọn lọ́rùn nínú ọkàn kọ ìwé ìwáṣẹ́ tó kéré sí tàwọn yòókù, owó oṣù wọn náà kéré. Àwọn tó ní ìdí láti retí pé á dára ló ṣe dáadáa. Ó yé mi: bí ọkàn bá ti jẹun yó lójú àlá, ẹsẹ̀ kì í fẹ́ rìn mọ́.

Nísinsìnyí, àbúrò mi ń kọ́ṣẹ́ aládìírẹ ní Ìtọ́kú. Mo lọ wò ó lọ́jọ́ kan. Ó fa aṣọ jáde látinú aró, àwọ̀ rẹ̀ dà bí ewé tútù; bí atẹ́gùn ṣe kàn án, ó bẹ̀rẹ̀ sí í di àwọ̀ aró díẹ̀díẹ̀ lójú wa. Inú rẹ̀ dùn, ó nà án sókè sí ọ̀gá rẹ̀. Ìyá aláró wò ó, ó ní, "Ó ku ẹ̀ẹ̀mẹ́ta." Àbúrò mi ká apá aṣọ rẹ̀ sókè, ó tún un rì bọ inú ìkòkò.