Ọ̀nà Etí Odò Ọya: Kí Fláìófà Ìlọrin Sinmi Ná

Ẹ jẹ́ ká là á mọ́lẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀: owó ọ̀nà ńlá tó bá tún kàn ní Kwara yìí, etí Odò Ọya ni kí wọ́n gbé e lọ, kí wọ́n má tíì gbé e wá sí Ìlọrin. Ọ̀nà tó gba Share kọjá, tó wọ Tsaragi, tó bọ́ sí Lafiagi, tó wá ń bá odò lọ lápá gúúsù ẹ̀ títí dé Patigi, òun là ń sọ. A mọ̀ pé ọmọ Ìlọrin kan ti ń bínú báyìí, á ní àwọn oníwèé ìròyìn yìí ò fẹ́ ohun tó dáa fún wa. Kò burú, kó ṣáà kà á tán ná.

A ò sọ pé fláìófà Tanke ò dáa o. Ẹni tó bá ti há sí Tanke rí nírọ̀lẹ́, nígbà tí àwọn ọmọ Unilorin ń ti iléèwé bọ̀ tí kẹ̀kẹ́ àti mọ́tò so kọ́ra wọn, kò ní bú ẹni tó kọ́ ọ. Àmọ́ ẹni tó há sí Tanke, bó pẹ́ bó yá á délé, á jẹun, á sùn. Lápá odò lọ́hùn-ún ẹni tí ọ̀nà bá há mọ́ lè má délé mọ́, a ò sì bù mọ́ ọn.

Ẹ rántí oṣù kẹfà ọdún 2023. Àwọn èèyàn láti Kpada àti àwọn abúlé míì ní ìjọba ìbílẹ̀ Patigi lọ síbi ìgbéyàwó ní Egboti, lápá ìpínlẹ̀ Niger. Ìròyìn ìgbà yẹn sọ pé ọ̀kadà ni wọ́n gbé lọ, àmọ́ nígbà tí wọ́n máa padà òjò ti rọ̀, omi ti gba ọ̀nà, ni wọ́n bá kó sínú ọkọ̀ ojú omi onípákó, wọ́n kún inú ẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ, ilẹ̀ ò sì tíì mọ́ nígbà tí ọkọ̀ yẹn kọ lu igi kan nínú omi tó là sí méjì. Àwọn tó kú lé ní ọgọ́rùn-ún. Bàbá, ìyá, ọmọ, nínú ẹbí kan náà. Lẹ́yìn ìgbà yẹn gbogbo ẹnu ń sọ̀rọ̀ láífù-jákẹ́ẹ̀tì, ó dáa, kí wọ́n pín in, kí wọ́n wọ̀ ọ́. Ọ̀rọ̀ ọ̀nà tí omi gbà ńkọ́? Òótọ́ ni pé ọ̀nà abúlé lomi gbà lọ́jọ́ náà, kì í ṣe ọ̀nà ńlá tí à ń sọ yìí gan-an. Àmọ́ níbi tí ọ̀nà ńlá bá ti dà bí ojú pápá tí wọ́n kọ ebè sí, ta ló máa gbé katakátá débi tó máa tún ọ̀nà abúlé ṣe?

Ohun tó ń ya wá lẹ́nu jù ni bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ apá ibẹ̀ bíi pé òpin ayé ni, bíi pé wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rí i. Ọ̀nà àtijọ́ ni, àwọn baba ńlá wa mọ̀ ọ́n. Ní Tada, abúlé kékeré kan létí omi níbẹ̀, ni wọ́n ti rí ère bàbà ọkùnrin tó jókòó, tí àwọn onímọ̀ ní iṣẹ́ ọwọ́ Ifẹ̀ ni, ó sì ti tó nǹkan bí 700 ọdún. Àwọn Nupe ní Tsoede baba ńlá àwọn ló kó o wá láti Idah. Kí wọ́n tó gbé e lọ sí mùsíọ́mù l'Ékòó, ọjọ́ Jímọ̀ Jímọ̀ ni àwọn ará Tada máa ń gbé e lọ sódò tí wọ́n á fi òkúta wẹ́wẹ́ fọ̀ ọ́ kí àwọn obìnrin lè máa bímọ kí ẹja sì pọ̀. Ó ti dán nígbà tí wọ́n fi máa gbà á lọ́wọ́ wọn, wọ́n ti fọ imú àtojú ẹ̀ títí tó fi ń pa rẹ́. Ó dáa, ère Ifẹ̀ dé etí Ọya láìsí ọ̀nà bí?

Nígbà tí àwọn òyìnbó dé, odò gan-an ni wọ́n sọ di títì. Lọ́dún 1830 Richard Lander àti àbúrò ẹ̀ John wọ ọkọ̀ láti Bussa, wọ́n ń bá omi lọ títí wọ́n fi já sí òkun. Lọ́dún 1857 ọkọ̀ ojú omi Dayspring tí Baikie, òyìnbó tó ṣáájú ìrìn àjò náà, àti Àjàyí Crowther wà nínú ẹ̀ fọ́ sórí àpáta nítòsí Jẹ́bà, ó wá di pé Glover, Gólóbà tí àwọn ará Èkó mọ̀ yẹn, ló ń gba orí ilẹ̀ la ilẹ̀ Yorùbá kọjá lọ sí Èkó tó tún ń padà. Ní 1897 ilé iṣẹ́ òyìnbó oníṣòwò Royal Niger Company gbógun ti Bida ní oṣù kìíní, wọ́n yí padà sí Ìlọrin ní oṣù kejì, nígbà tó sì di 1898 ọwọ́ wọn ló wà lẹ́yìn bí Patigi ṣe di ìlú tó ní ẹ́míà tiẹ̀. Lọ́dún 1900 Jẹ́bà ni Lugard fi ṣe olú ìlú gbogbo Àríwá kí wọ́n tó kó o lọ sí Zungeru. Jẹ́bà o! Ẹni tó bá ń kọjá níbẹ̀ lónìí tó kàn rí àwọn tó ń ta ẹja létí títì kò lè gbà gbọ́.

Rélùwéè ló wá yí gbogbo nǹkan padà. Ó dé Ìlọrin ní 1908, ó dé Jẹ́bà ní 1909, ọkọ̀ ojú omi ni wọ́n kọ́kọ́ fi ń gbé rélùwéè sọdá títí tí wọ́n fi parí afárá ní 1916. Láti ọjọ́ yẹn lọ, ibi tí wọ́n ti máa sọdá odò nìkan ni ìjọba ń wò. Títì ńlá tó ti Èkó wá, tó gba Ìbàdàn àti Ògbómọ̀ṣọ́ dé ọ̀dọ̀ wa kó tó lọ sí Mokwa, bákan náà, ó sọdá ní Jẹ́bà ó bá tiẹ̀ lọ. Kò sẹ́ni tó rò ó pé àwọn tó ń gbé etí odò náà fẹ́ rìn láti ìlú kan sí èkejì. Òyìnbó bẹ̀rẹ̀ àṣìṣe yìí, àwọn tiwa gbà á lọ́wọ́ wọn, wọn ò sì tíì gbé e sílẹ̀.

Tí wọ́n bá wá fẹ́ ṣe oko ńlá, etí odò yìí kan náà ni wọ́n máa sáré lọ. Ilé iṣẹ́ ṣúgà Bacita nìyẹn láti ìgbà òmìnira, ìrèké gba ilẹ̀ lọ bẹẹrẹ, nígbà tó wà lójú ọpọ́n gbogbo Nàìjíríà ló mọ orúkọ ẹ̀. Ní nǹkan bí 2005 gómìnà ìgbà náà, Bukola Saraki, kó àwọn àgbẹ̀ òyìnbó láti Zimbabwe wá sí Shonga. A ò fẹ́ jà lórí ìyẹn lónìí. Àmọ́ bá a bá lè wá àgbẹ̀ lọ sí Zimbabwe, ó yẹ ká lè wá ọ̀dà fún ọ̀nà tí àgbẹ̀ Lafiagi máa fi kó ìrẹsì ẹ̀ jáde. Ẹ sì wo Baro lódìkejì omi, tí Ààrẹ Buhari ṣí èbúté ẹ̀ ní oṣù kìíní ọdún 2019. Èbúté wà, ẹ̀rọ tó ń gbẹ́rù wà, ọ̀nà tó dára débẹ̀ ni kò sí, ọkọ̀ ò wá. Owó tí wọ́n ná síbẹ̀ wá ń wo omi.

Ṣé a mọ bí ẹja ṣe ń dé Ìpàtà àti Ọjà Ọba? Ẹ wọ ọkọ̀ ní Lafiagi lọ́jọ́ ọjà kẹ́ ẹ rí i. Apẹ̀rẹ̀ ẹja gbígbẹ wà lórí ọkọ̀, àpò ìrẹsì wà lábẹ́ ẹsẹ̀ yín, orúnkún yín á fẹ́rẹ̀ẹ́ kan àgbọ̀n yín. Ọkọ̀ á bọ́ sí kòtò, á jáde, á tún bọ́ sí òmíì, àwọn ọmọ kéékèèké á dúró pẹ̀lú ṣọ́bìrì níbi tí wọ́n ti bu yẹ̀pẹ̀ dí kòtò, wọ́n á na okùn, ẹ san owó kí wọ́n tó tú u. Alhaja tó ni ẹja á pariwo, "Dẹ́rẹ́bà, rọra jọ̀ọ́, ẹja mi ń fọ́!" Dẹ́rẹ́bà náà á ní, "Ẹ má bínú Alhaja, ṣọ́ọ̀kì mi náà ń fọ́." Èyí tó bá fọ́ nínú ẹja yẹn, ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà ní Ìlọrin lẹ ń san owó ẹ̀. Wọ́n á rọ́ ọ lé orí èyí tí ò fọ́, ẹ wá ń bá ìyá ẹlẹ́ja jà pé ó ti gbówó lórí jù.

Nísinsìnyí, bí wọ́n bá fẹ́ ṣe é, báwo ni kí wọ́n ṣe é? Ibí yìí la fẹ́ kí àwọn ẹnjiníà fetí sí, nítorí ọ̀dà fẹ́ẹ́rẹ́fẹ́ tí wọ́n máa ń fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ́ yẹn, òjò ọdún kan ló máa kó o lọ. Etí Ọya kì í ṣe ilẹ̀ Ọ̀ffà tàbí Òmù-Àrán tí gẹ́gẹ́lẹ́ wà. Pẹ̀tẹ́lẹ̀ ni, omi ló ni ín. Òjò tiwa ń kún odò láti oṣù kẹjọ títí dé oṣù kẹwàá, lẹ́yìn náà omi kejì tó rìn láti òkè Guinea gba Mali kọjá tún ń dé nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Ká tó wá sọ ti dáàmù: Kainji tó ti wà láti 1968, Jẹ́bà tí wọ́n ṣí ní 1985. Tí omi bá kún jù wọ́n gbọ́dọ̀ tú u sílẹ̀, kò sí bí wọn ò ṣe ní tú u, àwọn tó wà nísàlẹ̀ ló máa gbà á, oko ìrẹsì á lọ, ilé á wó. Iná mọ̀nàmọ́ná tó ń ti ibẹ̀ wá ń tàn l'Ékòó, ẹ̀kún omi ló ń kù sí Patigi.

Torí náà kí wọ́n gbé ọ̀nà yẹn ga. Àmọ́ kí wọ́n má gbé e ga lásán, ẹ jọ̀ọ́ ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀, torí a rí ohun tó ṣẹlẹ̀ ní Mokwa níparí oṣù karùn-ún 2025, tí àgbàrá gbá ilé lọ lóru tí àwọn tó kú lé ní ọgọ́rùn-ún kan àtààbọ̀. Àwọn tó yẹ ibẹ̀ wò sọ pé òkìtì ilẹ̀ tí ojú irin rélùwéè wà lórí ẹ̀ ló dá omi dúró, ìdọ̀tí dí àwọn kọ́fáàtì, ihò tí omi ń gbà lábẹ́ ẹ̀, nígbà tí omi já, ó já lójú kan ṣoṣo ni. Ọ̀nà tó ga tí kọ́fáàtì ẹ̀ ò tó, dáàmù ni wọ́n kọ́ yẹn, ẹ̀yìn ẹ̀ sì ni àwọn èèyàn ń sùn. Kí wọ́n ka iye ojú omi tó gba abẹ́ ọ̀nà yẹn kọjá níkọ̀ọ̀kan, kí wọ́n béèrè lọ́wọ́ àwọn àgbààgbà apẹja ibi tí omi máa ń dé lọ́dún tó bá bínú, kí wọ́n tó fa ìlà kankan sórí bébà.

Owó dà? Ìbéèrè tí wọ́n máa kọ́kọ́ bi wá nìyẹn. Àjọ HYPPADEC wà, òfin ọdún 2010 ló dá a sílẹ̀, Minna ni oríléeṣẹ́ ẹ̀, lára owó tí àwọn ilé iṣẹ́ tó ń fi omi ṣe iná ń pa ni owó ẹ̀ ti ń wá, Kwara sì wà lára àwọn ìpínlẹ̀ tó dá a sílẹ̀ fún. Ìdí tí wọ́n fi dá a sílẹ̀ gan-an ni àwọn tí dáàmù ń dà láàmú. Kí wọ́n dín borehole àti kíláàsì mélòó kan kù, kí wọ́n da owó pọ̀ mọ́ ti ìpínlẹ̀ sórí ọ̀nà kan ṣoṣo yìí. Ẹjọ́ pé ti Àbújà ni ọ̀nà àbí ti Kwara, ó ti sú wa. Ẹni tó bá bọ́ sómi ò ní béèrè pé ọwọ́ ta ló fà á jáde.

Àwọn kan á ní èèyàn ò pọ̀ níbẹ̀. Irọ́ ni, ó sì tún jẹ́ èrò ìkà, bíi pé ẹ̀mí Nupe létí omi fúyẹ́ ju ti wa lọ. Àwọn míì á ní àwọn ajínigbé ti gba igbó apá ibẹ̀, kọntirakítọ̀ ò ní fẹ́ lọ. Ìyẹn lọ́wọ́ òótọ́ nínú, a ò ní fojú di í. Àmọ́ níbo gan-an ni wọ́n ti ń jí èèyàn gbé? Níbi tí ọ̀nà ti bàjẹ́ tí mọ́tò ń rìn bí ìgbín ni. Ọlọ́pàá pàápàá ò lè sáré débẹ̀. Kí sójà bá kọntirakítọ̀ lọ, kí iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ látọ̀dọ̀ àwọn ará Share, kó máa sún síwájú díẹ̀díẹ̀.

Afárá láti Patigi sí Nupeko tí wọ́n ti ń bẹ̀bẹ̀ fún láti ọjọ́ pípẹ́, a fara mọ́ ọn, àmọ́ ọ̀nà ni kó ṣíwájú. Baro ti kọ́ wa nípa kíkọ́ nǹkan ńlá síbi tí ọ̀nà ò dé.

Bájẹ́ẹ̀tì ọdún tó ń bọ̀ máa dé iwájú ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Kwara láìpẹ́. A máa ṣí i, a máa wá orúkọ Lafiagi àti Patigi níbẹ̀, a máa wá iye kọ́fáàtì àti ọjọ́ tí iṣẹ́ máa bẹ̀rẹ̀ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Tó bá jẹ́ "àtúnṣe ọ̀nà káàkiri ìpínlẹ̀" nìkan la bá níbẹ̀ bíi ti tẹ́lẹ̀, orúkọ àwọn aṣòfin tó ń ṣojú Edu, ìjọba ìbílẹ̀ tí Lafiagi wà, àti Patigi tó gbọ́wọ́ sókè fún un máa wà lójú ìwé kìíní ìwé ìròyìn yìí, pẹ̀lú fọ́tò.