Ṣé fíìmù ìpolongo ló mú ọkàn ará ìlú le nígbà ogun?

Ọ̀pọ̀ ló gbà pé fíìmù ìpolongo ló ń ki àwọn ará ìlú láyà nígbà Ogun Àgbáyé Kejì: kí ìjọba ṣáà ti gbé dọ́kúmẹ́ńtárì tó wuyì jáde, ọkàn tó ti rẹ̀wẹ̀sì á sọjí. Kò rí bẹ́ẹ̀.

Fíìmù Gẹ̀ẹ́sì kan, London Can Take It!, ni wọ́n sábà fi ń ṣẹ̀rí. Lóòótọ́, London tí bọ́ǹbù ń já lé lórí lọ́dún 1940 ló wà nínú ẹ̀. Ṣùgbọ́n torí àwọn ará Amẹ́ríkà, tí wọn ò tíì dá sógun, ni wọ́n ṣe é. Akọ̀ròyìn wọn, Quentin Reynolds, ló ń ṣàlàyé níbẹ̀. Ẹni tó fi abẹ́ ilẹ̀ ṣe ibùsùn mọ́jú, kí ni sinimá fẹ́ sọ fún un nípa bọ́ǹbù?

Iṣẹ́ Carl Hovland, onímọ̀ nípa ìrònú ẹ̀dá, àtàwọn ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ fún iléeṣẹ́ ológun Amẹ́ríkà ló tú àṣírí ọ̀rọ̀ yìí jù. The Battle of Britain, ọ̀kan lára fíìmù ìpolongo méje tí olùdarí fíìmù Frank Capra ṣe fún àwọn ológun, ni wọ́n fi dán an wò. Wọ́n pín àwọn ọmọ ogun tó ṣì ń gba ẹ̀kọ́ sọ́nà méjì: àwọn kan wò ó, àwọn kan ò wò ó. Lẹ́yìn náà ni gbogbo wọn dáhùn ìbéèrè láìkọ orúkọ. Wọn ò jẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé torí fíìmù ni, kí wọ́n má baà kọ ohun tí ọ̀gá fẹ́ gbọ́.

Ọ̀kan lára ìbéèrè náà rèé: kí ló dé tí Jámánì ò fi rí bàálù Gẹ̀ẹ́sì bà jẹ́ nílẹ̀? Àwọn Gẹ̀ẹ́sì fọ́n bàálù wọn ká sí etí pápá ni. Nínú 100 tí kò wo fíìmù, 21 ló mọ̀ ọ́n. Nínú àwọn tó wò ó, 78. Ó yá, ta ló fẹ́ lọ jà lókè òkun? 38 nínú àwọn tí kò wò ó, 41 nínú àwọn tó wò ó. Ìmọ̀ wọlé, ìfẹ́ ogun ò kúrò lójú kan.

Ọmọ ogun nìyẹn o. Ní Jámánì, àwọn ará ìlú gan-an ń rọ́ lọ wo fíìmù ìròyìn lọ́dún 1940, torí pé wọ́n ń ṣẹ́gun. Nígbà tí wọ́n pàdánù ní Stalingrad, ìlú kan ní Rọ́ṣíà, lọ́dún 1943, wọn ò gbà á gbọ́ mọ́. Wọ́n á dúró síta sinimá títí ìròyìn á fi parí, kí wọ́n tó wọlé wá wo eré. Ni Goebbels, mínísítà ìpolongo Jámánì, bá pàṣẹ pé kí wọ́n máa tilẹ̀kùn kí ìròyìn tó bẹ̀rẹ̀: ẹni tí kò bá tíì wọlé, kò ní rí eré wò.