Zdeněk Svěrák kì í ṣe òṣèré lásán
Ẹ ṣeun fún ìròyìn tí ẹ kọ nípa Zdeněk Svěrák, òṣèré ará Czech, àmọ́ bí ẹ ṣe pè é ní “bàbá inú fíìmù Kolja” nìkan ò tó. Òun náà ló kọ ọ́! Jan ọmọ rẹ̀ ló darí rẹ̀, fíìmù náà sì gba Oscar lọ́dún 1997. Olùkọ́ ni bàbá yìí tẹ́lẹ̀ o.

Ibi tó wọ̀ mí ní akínyẹmí ara ni ibi tí Kolja, ọmọ ará Rọ́ṣíà tí ọkùnrin ará Czech tí Svěrák ṣe ń tọ́ nínú fíìmù náà, ti rí àsíá ìlú wọn, tó ní “krasny” ni. Pupa lọ́mọ ń wí lédè Rọ́ṣíà. Létí ará Czech, ó ní ó rẹwà ni. Ni àgbàlagbà bá ń bá ọmọ ọdún márùn-ún jiyàn. Ẹni tó bá rántí pé ọmọ ogun Soviet, ìjọba tí Rọ́ṣíà wà lábẹ́ rẹ̀ nígbà yẹn, wọ Prague, olú ìlú àwọn Czech, lọ́dún 1968 á mọ ohun tó ń ta àgbàlagbà náà lára. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ti wò ó, ẹkún ni mo sì ń sun.