Ìtànṣán Kọ́ Ló Pa Ọ̀kẹ́ Ènìyàn ní Fukushima

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo tún gbọ́ ọ lẹ́nu olóòtú ètò kan lórí rédíò pé iná átọ́míìkì pa ọ̀kẹ́ ènìyàn ní Jàpáánù. Àlejò rẹ̀, tí wọ́n pè ní ọ̀mọ̀wé, dáhùn pé bẹ́ẹ̀ ni, wọ́n sì kọjá sórí ọ̀rọ̀ mìíràn. Ọ̀rọ̀ yìí ti sú mi. Òkú tí wọ́n ń kà wọ̀nyẹn, òkú omi ni.

Ní ọjọ́ 11 oṣù Kẹta ọdún 2011, ilẹ̀ mì tìtì lábẹ́ òkun ní ìhà ìlà-oòrùn Jàpáánù, ìgbì omi tsunami sì ya wọ àwọn ìlú etíkun. Omi náà gbé nǹkan bí 18,000 ènìyàn lọ, bí a bá ka àwọn tí a kò rí òkú wọn mọ́ ọn, àwọn tó sì pọ̀ jù nínú wọn jẹ́ ará ìpínlẹ̀ Miyagi àti Iwate, kì í ṣe Fukushima. Ní ilé-iṣẹ́ amúnáwá átọ́míìkì Fukushima Daiichi, àwọn rìákítọ̀, ìyẹn ìkòkò ńlá tí epo átọ́míìkì ti ń gbóná, tó ń ṣiṣẹ́ lọ́wọ́ kú fúnra wọn bí ilẹ̀ ti mì, gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti ṣètò wọn. Ṣùgbọ́n epo inú wọn kì í tutù lẹ́ẹ̀kan náà. Ó nílò omi tí ẹ̀rọ ń fà sí i, àwọn jẹnẹrétọ̀ tó yẹ kó gbé ẹ̀rọ náà ṣiṣẹ́ sì wà nísàlẹ̀ ilé, níbi tí omi òkun ti bò wọ́n. Rìákítọ̀ mẹ́ta yọ́. Èéfín tí gbogbo wa rí lórí tẹlifíṣọ̀n wá láti ara gáàsì háídírójìn tó gbiná tó sì fọ́ òrùlé. Kò sí bọ́ǹbù kankan níbẹ̀.

Ìtànṣán tó jáde wá, ìyẹn agbára àìrí tó lè ba ara jẹ́, ńkọ́? Ìgbìmọ̀ onímọ̀ sáyẹ́ǹsì Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé tí wọ́n ń pè ní UNSCEAR yẹ̀ ẹ́ wò, wọ́n sì tún un yẹ̀ wò nínú ìjábọ̀ tí wọ́n gbé jáde ní ọdún 2021: wọn kò rí àìsàn kankan lára àwọn ará ìlú tí a lè sọ pé ìtànṣán náà ló fà á. Ìpíndọ́gba ìtànṣán tí àwọn tí wọ́n kó kúrò nílé nítorí jàǹbá náà gbà ní ọdún àkọ́kọ́ kò tó 10 millisievert, ìwọ̀n tí a fi ń wọn ìtànṣán tó wọ ara. Iṣẹ́ àwòrán X-ray ni mò ń ṣe. Báàjì tó ń wọn ìtànṣán kì í kúrò láyà mi lẹ́nu iṣẹ́. CT scan ikùn kan ṣoṣo, ìyẹn àwòrán X-ray tó ń fi inú ara hàn ní ìpele ìpele, lè fún aláìsàn ní nǹkan bí 10 millisievert. Àwọn aláìsàn mi a máa dìde, a máa wọ bàtà wọn, wọn a sì béèrè ibi tí wọ́n ti lè rí oúnjẹ rà.

Wọ́n á ní jẹjẹrẹ tàìróọ̀dù, ẹṣẹ́ kan tó wà lọ́rùn, pọ̀ lára àwọn ọmọdé Fukushima. Wọ́n fi ẹ̀rọ tó ń rí kókó tíntìntín yẹ ọrùn nǹkan bí 300,000 ọmọ wò. Báwo ni wọn kò ṣe ní rí nǹkan? Nígbà tí wọ́n lo irú ẹ̀rọ kan náà fún àwọn ọmọ Aomori, Yamanashi àti Nagasaki, àwọn ìpínlẹ̀ Jàpáánù mìíràn, tí ìtànṣán náà kò dé ọ̀dọ̀ wọn, irú kókó bẹ́ẹ̀ wà lọ́rùn tiwọn náà. Ti Chernobyl, níbi tí rìákítọ̀ ti bú ní Ukraine ní ọdún 1986, yàtọ̀, nítorí pé níbẹ̀ ni àwọn ọmọdé ti mu wàrà tó ní áyódíìnì olóró nínú.

Ohun tó pa àwọn ènìyàn Fukushima lẹ́yìn omi ni kíkó tí wọ́n kó wọn kúrò nílé. Àwọn arúgbó tó wà lórí ibùsùn ilé ìwòsàn ni wọ́n rọ́ sínú bọ́ọ̀sì fún ọ̀pọ̀ wákàtí, láìsí ìtọ́jú. Ìjọba Jàpáánù fúnra rẹ̀ ka ikú tó lé ní 2,000 ní ìpínlẹ̀ náà sí àbájáde ìyọnu ìsáǹsá yìí. Ìbẹ̀rù kó ipa tirẹ̀ nínú wọn.

Mo gbà pé ní ọdún 2018, ìjọba gbà pé ìtànṣán ló fa jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró tó pa òṣìṣẹ́ kan níbẹ̀, àti pé kò sẹ́ni tó lè búra pé ìtànṣán kékeré kò léwu rárá. Ẹnì kan kì í ṣe ọ̀kẹ́.

Ẹni tó bá fẹ́ bínú, kó bínú sí àwọn alábòójútó. Ní ọdún 2008, ìṣirò inú ilé-iṣẹ́ TEPCO, tó ni Fukushima Daiichi, fi hàn pé omi lè ga ju mítà 15 lọ níbẹ̀, wọn kò sì mọ odi tuntun kankan. Àjọ tó yẹ kó fi tipátipá mú wọn wà lábẹ́ ilé-iṣẹ́ ìjọba kan náà tó ń polówó iná átọ́míìkì. Wọ́n fi ewúrẹ́ ṣọ́ iṣu. Ìgbìmọ̀ ìwádìí ilé aṣòfin, tí Kiyoshi Kurokawa ṣe alága rẹ̀, sọ ní ọdún 2012 pé ọwọ́ ènìyàn ló fa jàǹbá náà. Ilé-iṣẹ́ amúnáwá átọ́míìkì Onagawa sì sún mọ́ orísun ìmìtìtì ilẹ̀ náà ju Fukushima Daiichi lọ, ṣùgbọ́n orí ilẹ̀ gíga ni wọ́n kọ́ ọ sí. Inú gbọ̀ngàn eré ìdárayá rẹ̀ ni àwọn ará àdúgbò tí omi gbalé wọn sá sí.

Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2012, wọ́n tú àjọ àtijọ́ náà ká, wọ́n sì dá òmíràn tó dá dúró sílẹ̀. Ní ọdún 2024, àjọ tuntun yìí kọ̀ jálẹ̀, wọ́n ní rìákítọ̀ kejì ní Tsuruga, ilé-iṣẹ́ amúnáwá átọ́míìkì mìíràn ní Jàpáánù, kò gbọdọ̀ padà ṣiṣẹ́, nítorí wọn kò lè sọ pé kò sí ibi tí ilẹ̀ ti là tó sì lè mì lábẹ́ rẹ̀.